Ọmọ méje, ohùn méje: iṣẹ́ ọwọ́ Trude Rittmann nínú "Do-Re-Mi"

Ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ti mọ dò, re, mí kí wọ́n tó mọ orin kọ. Ẹgbẹ́ akọrin kọ́ ló kọ́ wa, kíláàsì èdè ni: dò fún ohùn ìsàlẹ̀, re fún ohùn àárín, mí fún ohùn òkè. Ibẹ̀ la dúró sí, nítorí ohùn mẹ́ta ti tó èdè wa í lò. Àwọn olórin ò dúró ní tiwọn. Wọ́n bá a lọ dé fà, sò, là, tì. Ohùn méjèèje yẹn ni ìtàn tí mo fẹ́ kọ sílẹ̀ yìí dá lé, àti obìnrin kan tó mú orin tí ẹlòmíràn kọ, tó fi mọ ìran kan tí ọ̀pọ̀ èèyàn ń rántí títí dòní láìmọ orúkọ rẹ̀.

Ọdún 1959 ni, ní New York. Richard Rodgers tó ń ṣẹ̀dá orin, àti Oscar Hammerstein Kejì tó ń kọ ọ̀rọ̀ sí i, ń múra eré tuntun sílẹ̀ fún Broadway, àwọn ilé ìtàgé ńlá ti New York. The Sound of Music ni wọ́n pè é. Mary Martin ló máa ṣe Maria, ọ̀dọ́bìnrin tí wọ́n rán jáde láti ilé àwọn obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ ìsìn pé kó lọ tọ́jú ọmọ méje tí ìyá wọn ti kú. Bàbá wọn, Ọ̀gágun von Trapp, ti ṣiṣẹ́ ológun orí omi rí, kò sì jẹ́ kí orin wọ ilé náà mọ́. Fèrè ló fi ń pe àwọn ọmọ, bí ọ̀gá ọkọ̀ ṣe ń pe àwọn atukọ̀, ọmọ kọ̀ọ̀kan sì ní bí tirẹ̀ ṣe ń dún. Ẹ fi fèrè yẹn sọ́kàn, mo máa padà sórí rẹ̀.

Nínú apá kìíní eré náà, Maria gbé gìtá, ó bi àwọn ọmọ bóyá wọ́n mọ orin. Wọn ò mọ ọ̀kankan. Nígbà tí ìran yẹn bá máa fi parí, wọ́n gbọ́dọ̀ ti máa kọrin ní oríṣiríṣi ohùn, kí ọkàn wọn sì ti fà mọ́ ẹni tó kọ́ wọn. Ìṣẹ́jú díẹ̀ ni gbogbo rẹ̀ ní láti fi ṣẹlẹ̀. Orin fúnra rẹ̀ kò gùn: ìbẹ̀rẹ̀ kan, orin gan-an tó ń fún orúkọ ohùn kọ̀ọ̀kan ní ìtumọ̀, àti ẹyọ orin kékeré kan tó jẹ́ ohùn 14 pẹ̀lú ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Ohun tí àwọn ọ̀gá méjèèjì gbé kalẹ̀ nìyẹn. Téèyàn bá kọ ọ́ bó ṣe wà lórí ìwé, ó dùn, ó sì ti tán. Maria á kọ, àwọn ọmọ á tún un kọ. Òǹwòran á gbádùn orin, àmọ́ kò ní rí i kí ẹnikẹ́ni kọ́ nǹkan kan lójú rẹ̀.

Ta ni iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti dí àlàfo yẹn? Ẹni tí kì í ṣe oníṣẹ́ yìí máa ń rò pé ẹni tó ṣẹ̀dá orin ló ṣe ohun gbogbo tí etí gbọ́. Bẹ́ẹ̀ kọ́. Aṣẹ̀dá orin máa ń gbé orin àti ohun tí píánò á fi gbè é sílẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀ ni atòrin máa dé. Òun ló ń pinnu bí orin ṣe máa gùn tó, ibi tí ègbè á ti wọlé, ẹni tó máa mú ohùn òkè àti ẹni tó máa mú ti ìsàlẹ̀, ibi tí gbogbo rẹ̀ á ti gbé ara sókè, ohun tí a ó máa gbọ́ nígbà tí wọ́n bá ń jó láìkọrin. Ẹlòmíràn tún wà tó ń pín in fún àwọn ohun èlò, kí fèrè mú eléyìí, kí fayolíìnì mú tọ̀hún. Nínú eré tí à ń wí yìí, Robert Russell Bennett ni. Olùdarí orin wá ni Frederick Dvonch. Òun ló ń rí i pé àwọn òṣèré mọ̀ ọ́n, òun náà ló ń dúró níwájú àwọn olóhun-èlò, ìgbà mẹ́jọ lọ́sẹ̀, kí ohun tí wọ́n fọwọ́ sí lọ́jọ́ àkọ́kọ́ má bàa di nǹkan mìíràn lẹ́yìn ọdún kan. Nínú eré kékeré, ẹnì kan lè ṣe mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, kó tún máa tẹ píánò lé e. Ní Broadway, ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n, orúkọ kálukú sì wà lórí ìwé ètò eré. Orúkọ Trude Rittmann wà níbẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ṣètò orin àwọn akọrin.

Ní Mannheim, lórílẹ̀-èdè Jámánì, ni wọ́n bí i ní 1908. Ó kọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣẹ̀dá orin ní Köln. Aṣẹ̀dá orin tó kàwé ni, kì í ṣe ẹni tó kàn mọ píánò tẹ̀. Júù ni. Nígbà tí Hitler gba ìjọba ní 1933, ilẹ̀ yẹn ò gba irú rẹ̀ mọ́, ó sì fi í sílẹ̀. 1937 ló dé Amẹ́ríkà. Ọ̀dọ̀ àwọn oníjó George Balanchine ló ti rí iṣẹ́, ó ń tẹ píánò fún wọn, lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í bá Agnes de Mille ṣiṣẹ́, ẹni tí ijó rẹ̀ ń yí ojú Broadway padà nígbà náà.

Mo fẹ́ dúró díẹ̀ nídìí píánò ìdánrawò yẹn, torí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ irú iṣẹ́ yìí ti ń bẹ̀rẹ̀, àwọn tó ń kọ nípa eré kì í sì í wo ibẹ̀. Olùdarí ijó kì í bá olórin sọ èdè olórin. Ohun tó máa sọ ni pé, "Ẹni yẹn ṣì wà lókè, ẹ fún mi ní ìkà mẹ́jọ sí i kó fi sọ̀kalẹ̀." Tàbí kó ní, "Níbí yìí, ẹ̀rù ti ń bà wọ́n," kó sì dákẹ́. Ẹni tó jókòó sídìí píánò gbọ́dọ̀ wá nǹkan sí i lójú ẹsẹ̀. Inú orin tó wà nílẹ̀ ni kó ti fà á yọ, kó má sì sí ẹni tó máa mọ ibi tí wọ́n ti lẹ̀ ẹ́ mọ́ra. Tó bá di ọ̀la, olùdarí ijó ti yí èrò padà, wọ́n á tún un bẹ̀rẹ̀. Rittmann ṣe irú èyí fún Carousel ní 1945, Brigadoon ní 1947, South Pacific ní 1949, The King and I ní 1951, My Fair Lady ní 1956. Ẹni tó bá ń ṣe é tó bẹ́ẹ̀ ti kọ orin tó lè kún àpótí. Àmọ́ orin Rodgers ni wọ́n ń pè é, tàbí orin Loewe, ẹni tó ṣẹ̀dá orin Brigadoon àti My Fair Lady.

Nítorí náà, kò sí ohun àjèjì láàárín òun àti Rodgers ní 1959. Ó ti lé ní ọdún mẹ́wàá tí wọ́n ti jọ ń ṣiṣẹ́. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní yàrá ìdánrawò, ẹnu Peter Howard ni a ti gbọ́ ọ, ẹni tó jẹ́ igbákejì olùdarí orin nínú eré náà. Bó ṣe ròyìn rẹ̀, Rodgers gbà kí Rittmann ṣe é bó ṣe wù ú. Òun àti Joe Layton, tó ń darí ijó àti ìrìn àwọn òṣèré, ló jọ hú u jáde láàárín ìdánrawò: kí Maria fún ọmọ kọ̀ọ̀kan ní ohùn kan ṣoṣo, kí orin sì máa fò láti ẹnu dé ẹnu, bí àwọn tó ń lu agogo ọwọ́ ní Switzerland ṣe ń ṣe é. Nígbà tó wá kan bí wọ́n ṣe máa rìn ín lórí ìtàgé, Layton gba iwájú. Ó ní kí Rittmann ṣe àsọtúnsọ ibì kan, kó fi ọ̀ṣọ́ sí ibòmíràn. Ohùn 14 yẹn pẹ̀lú ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti wà nílẹ̀ látọwọ́ Rodgers àti Hammerstein. Ohun tí wọ́n fi kọ́ ìran lé e lórí, ó jọ pé Rittmann ló ti wá.

Ẹ wo bí agogo ọwọ́ ṣe rí ná. Agogo kan, ohùn kan. Kò sẹ́ni tó gbá orin mú nínú gbogbo wọn. Ohùn kan tàbí méjì péré ló wà lọ́wọ́ kálukú. Bí ẹni tó mú là bá sùn lọ, orin ti ní ihò nínú nìyẹn, ẹni ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kò sì lè bá a dí i. Nínú ilé von Trapp, ọmọ méje ló wà. Láti dò dé tì, ohùn méje ni. Iye méjèèjì ti wà nínú ìwé eré látilẹ̀, ẹnikẹ́ni ló lè kà á. Yàrá ìdánrawò ni wọ́n ti wá fi ọ̀kan so mọ́ èkejì.

Ká wá padà sórí fèrè. Kí Maria tó dé, bàbá wọn ti fún ọmọ kọ̀ọ̀kan ní ohùn kan. Bó bá dún báyìí, Liesl ni. Bó bá dún bẹ́ẹ̀ yẹn, Friedrich ni. Ohùn tí wọ́n fi ń pàṣẹ fún wọn ni wọ́n fi mọ ara wọn nínú ilé náà. Maria náà wá fún kálukú ní ohùn, bí i ti bàbá gẹ́lẹ́ téèyàn bá wò ó láti òkèèrè. Ṣùgbọ́n lọ́tẹ̀ yìí, ohùn ọmọ kan kò já mọ́ nǹkan àfi tí ti ẹ̀gbọ́n bá ti ṣíwájú rẹ̀, tí ti àbúrò sì tẹ̀ lé e. Wọ́n ti ń dá dáhùn tẹ́lẹ̀. Wọ́n wá ń gbe ara wọn lẹ́sẹ̀ orin. Kò sí òṣèré kankan tó la ẹnu sọ èyí nínú eré náà. Bí wọ́n ṣe to orin ló sọ ọ́. Ní tèmi, ibí yìí ni mo ti ń mọ atòrin tó gbọ́n yàtọ̀ sí èyí tó kàn mọ bí wọ́n ṣe ń mú ohùn dọ́gba: atòrin tó gbọ́n ti ka ìtàn, kò dúró lórí orin nìkan.

Bí ìran náà ṣe ń gòkè tún dára wò. Àkọ́kọ́, ohùn lásán ni àwọn ọmọ ń kọ, láìní ọ̀rọ̀, a sì ń rí ojú wọn bí kálukú ṣe ń ṣọ́ ìgbà tí ó máa kàn án. Ọmọ kan ní kò ní ìtumọ̀. Ó tọ̀nà, kò ní! Nígbà náà ni Maria fi ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan sórí ohùn kọ̀ọ̀kan, ohun tó dà bí eré agogo sì di gbólóhùn. Lẹ́yìn èyí ni apá kan wá ń kọ orin, tí apá kejì ń kọ ohùn lé e lórí lẹ́ẹ̀kan náà. Àwọn ọmọ tí kò mọ orin kankan ní ìṣẹ́jú mélòó kan sẹ́yìn ti ń kọrin ní apá méjì. Àwa tó wà ní ìjókòó sì gbà á gbọ́, torí pé a bá wọn gun àtẹ̀gùn kọ̀ọ̀kan. Ẹni tó bá ti kọ́ ẹgbẹ́ akọrin rí mọ̀ pé bí wọ́n ṣe ń kọ́ èèyàn gan-an nìyẹn: ohùn kí ọ̀rọ̀ tó dé, ọ̀rọ̀ kí ìpín ohùn tó dé.

Ó tún ní àǹfààní kan tí òǹwòran kì í rí. Eré tí wọ́n ń ṣe ìgbà mẹ́jọ lọ́sẹ̀ kì í lo àwọn ọmọ kan náà títí. Ọmọ ń dàgbà, ohùn ọmọkùnrin ń fọ́, aṣọ ń fún wọn. Ọmọ tuntun á wọlé, ó sì gbọ́dọ̀ mọ iṣẹ́ kíákíá. Ọmọ tí ohùn rẹ̀ jẹ́ ẹyọ kan níbi tó le jù ṣe é kọ́ láàárín ọjọ́ díẹ̀, bí ó bá ti lè kà, tó sì lè dúró de ìgbà tirẹ̀. Olùdarí orin tó bá gba irú ètò bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́ atòrin á máa súre fún un.

Nǹkan ò rọrùn ní àkókò yẹn o. Oṣù Kẹsàn-án 1959 ni wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún Hammerstein, àrùn jẹjẹrẹ inú ikùn ni, kò sì sí níbẹ̀ fún ọ̀pọ̀ nínú ìdánrawò. Boston, níbi tí wọ́n ti ń dán eré náà wò kí ó tó dé New York, ló ti padà bá wọn, ibẹ̀ ló sì ti kọ ọ̀rọ̀ "Edelweiss", orin tó kọ kẹ́yìn láyé. Ó kú ní oṣù Kẹjọ 1960. Nígbà tí akọ̀wé ọ̀rọ̀ orin bá wà lórí ibùsùn, èèyàn kò lè máa ránṣẹ́ sí i lójoojúmọ́ pé kó fi ẹsẹ méjì kún un. Ohun tó wà lọ́wọ́ ni kéèyàn fi ṣe é. Ohùn 14 ló wà lọ́wọ́.

Ọjọ́ 16 oṣù Kọkànlá 1959 ni eré náà ṣí ní Lunt-Fontanne Theatre, ìgbà 1,443 ni wọ́n sì ṣe é kí ó tó kásẹ̀ nílẹ̀. Nígbà tí àsìkò ẹ̀bùn Tony, tí wọ́n ń fún àwọn eré Broadway, dé ní 1960, òun àti Fiorello! ló jọ pín ẹ̀bùn eré olórin tó dára jù. Dvonch gba ti olùdarí orin. Èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín jù ni pé wọ́n fa àwọn ọmọ méjèèje kalẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹnì kan ṣoṣo, tọkùnrin tobìnrin, sí abẹ́ ẹ̀bùn òṣèrébìnrin! Patricia Neway, tó ṣe ìyá àgbà àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ nínú eré yẹn kan náà, ló gbà á mọ́ wọn lọ́wọ́. Ẹni tó to ohùn wọn pọ̀ kò sí nínú ìwé ẹ̀bùn, torí kò sí ẹ̀bùn tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Wọ́n dẹ́kun fífún olùdarí orin ní Tony lẹ́yìn 1964. Ọdún 1997 ni wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fún àwọn tó ń pín orin fún ohun èlò. Ti atòrin ò tíì sí.

Sinimá wá dé ní 1965. Níbẹ̀, Irwin Kostal ló ṣàtúntò orin náà, ó sì gba ẹ̀bùn Oscar fún iṣẹ́ yẹn, nítorí pé Hollywood ní ẹ̀bùn fún irú iṣẹ́ rẹ̀. Ọ̀nà tí wọ́n gbà ya "Do-Re-Mi" yàtọ̀ pátápátá: ìlú Salzburg ni wọ́n kọ ọ́ yí ká, wọ́n gun kẹ̀kẹ́, wọ́n fò lórí àtẹ̀gùn ọgbà Mirabell. Síbẹ̀ wọn ò fọwọ́ kan ìpìlẹ̀ rẹ̀. Ọmọ kọ̀ọ̀kan ṣì ní ohùn kan.

Ṣé wọ́n wá rẹ́ Rittmann jẹ ni? Mo ti gbọ́ kí àwọn èèyàn sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, pẹ̀lú ìbínú, mi ò sì lè bá wọn lọ dé ibẹ̀. Orin Rodgers ni. Bí kò bá sí orin yẹn àti ohùn 14 yẹn, kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni máa tò. Wọ́n gba Rittmann síṣẹ́, wọ́n san owó rẹ̀, wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ síbi tí wọ́n ń kọ irú orúkọ bẹ́ẹ̀ sí. Owó tí ń wọlé lọ́dọọdún lórí orin lọ sọ́dọ̀ àwọn tó ni orin àti iléeṣẹ́ tó ń tẹ̀ ẹ́, Williamson Music, tí àwọn méjèèjì dá sílẹ̀ tí wọ́n sì fi orúkọ bàbá wọn sọ, torí William ni bàbá Rodgers, William náà ni bàbá Hammerstein. Bí ọjà ṣe rí nìyẹn. Ẹni tó ni aṣọ ló ni aṣọ, télọ̀ gba owó ìránṣọ.

Ibi tí mo ti ní ẹjọ́ ni ọ̀rọ̀ tí wọ́n fi pe iṣẹ́ náà. Ẹ padà sí The King and I, ọdún mẹ́jọ ṣáájú. Ijó gígùn kan wà nínú rẹ̀, "The Small House of Uncle Thomas", tí Jerome Robbins darí, níbi tí àwọn oníjó ààfin Siam ti ń fi ijó tiwọn sọ ìtàn àwọn ẹrú Amẹ́ríkà. Rittmann ló ṣẹ̀dá orin rẹ̀, Rodgers ń bójú tó o. Ìyẹn kì í ṣe kéèyàn mú orin tó wà nílẹ̀, kó gbọ̀n ọ́n gùn. Orin tuntun ni, tó bá àgbékalẹ̀ Robbins mu ní ìṣísẹ̀ ìṣísẹ̀. Síbẹ̀, ohun tí wọ́n kọ sí ẹ̀gbẹ́ orúkọ rẹ̀ ni pé ó ṣètò orin ijó. Ní 1959, ó mú ohùn 14 tí kì í ṣe tirẹ̀, ó fi wọ́n dá ìran. Wọ́n tún ní ó ṣètò. Iṣẹ́ méjì tí kò jọ ara wọn, orúkọ kan ṣoṣo. Télọ̀ tó rán aṣọ ẹlòmíràn àti ahunṣọ tó hun aṣọ fúnra rẹ̀ ò lè jẹ́ orúkọ kan náà, bó ti wù kí owó ọ̀yà wọn dọ́gba tó. Bí ọ̀rọ̀ "ètò" bá ti gba ohun gbogbo mọ́ra báyìí, ẹni tó ń wá ìtàn iṣẹ́ obìnrin yìí lórí ìwé eré kò ní mọ ibi tó ti ṣẹ̀dá àti ibi tó ti tò.

Mo tún rò ó lọ́nà mìíràn: bóyá òun gan-an ló mọ̀ pé bí ilẹ̀kùn ṣe ṣí sílẹ̀ fún òun nìyẹn. Obìnrin, àjèjì, tó dé ní 1937 láìní ìdílé olórin kankan lẹ́yìn rẹ̀ ní Broadway. Iye obìnrin tí wọ́n jẹ́ kí ó ṣẹ̀dá orin eré ńlá nígbà náà kò tó nǹkan. Àmọ́ kò sí yàrá ìdánrawò ńlá kan tí wọn ò ti fẹ́ ẹ. Ó parí The Sound of Music, ó bọ́ sórí Camelot ní 1960, ó ṣe ètò orin ijó àti ti akọrin níbẹ̀, ó sì ń bá a lọ bẹ́ẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún sí i. Ẹni ọdún 96 ni nígbà tó kú ní 2005.

Peter Howard tó ròyìn ìdánrawò yẹn fún wa náà ò dúró lẹ́nu igbákejì olùdarí orin. Ní 1964, nígbà tí Hello, Dolly! dé Broadway, orúkọ tirẹ̀ náà ti wà lórí ìwé eré, níbi tí wọ́n ń kọ orúkọ àwọn tó ṣètò orin ijó sí.